Ẹrù Ló Ń Bí Ìfúnpá, Kì Í Ṣe Pọ́ǹpù

Ní ibikíbi tí wọ́n bá ti ń ṣe gàrí nílẹ̀ Yorùbá, wàá rí òpó irin méjì tí wọ́n fi irin ìdábùú so pọ̀ lókè. Àpò ẹ̀gẹ́ rírọ̀ ló wà láàárín wọn, wọ́n tẹ́ pákó lé e, jáàkì ọkọ̀ sì dúró láàárín pákó àti irin ìdábùú náà. Ìyá tó ń fún gàrí á ki irin gbọọrọ bọ ẹnu jáàkì, á máa gbé e sókè, á máa tẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ọwọ́ kan tó o. Àpò ń rì, omi ẹ̀gẹ́ ń ya wálẹ̀, irin ọwọ́ rẹ̀ sì fúyẹ́. Bó bá yá, omi á dín kù, àpò á le, irin náà á sì bẹ̀rẹ̀ sí í wúwo. Kí iṣẹ́ náà tó parí, gbogbo ara ló máa fi lé e.

Jáàkì tó fi bẹ̀rẹ̀ náà ló fi parí. Wọn ò fi ọ́ìlì kún un, wọn ò yọ nínú rẹ̀. Àpò ẹ̀gẹ́ nìkan ló yí padà. Nígbà tó rọ̀, kò bá ọ́ìlì jà, ọ́ìlì náà kò sì rí ohun tí yóò fún. Nígbà tó le, ó ń ti ọ́ìlì padà, ọ́ìlì sì há láàárín ọwọ́ ìyá náà àti àpò tó kọ̀ láti gbà. Híhá yẹn ni ìfúnpá, èyí tí àwọn mẹkáníìkì ń pè ní prẹ́ṣọ̀.

Pọ́ǹpù kì í dá ìfúnpá sílẹ̀. Ọ́ìlì ni iṣẹ́ pọ́ǹpù, kó máa tì í lọ síwájú, ìyẹn ìṣàn. Ohun tó bá dènà ìṣàn náà, ì báà jẹ́ àpò ẹ̀gẹ́, òkúta tí katapílà ń hú tàbí iyanrìn inú típà, òun ló ń sọ iye ìfúnpá tí yóò wà nínú páìpù. Ẹni tó bá gba èyí gbọ́ dáadáa á tún ẹ̀rọ ṣe lọ́nà mìíràn. Ẹni tí kò bá gbà á, owó ńlá ni yóò máa ná lórí pọ́ǹpù tí kò ṣe nǹkan kan.

Ẹ jẹ́ ká wo inú jáàkì yẹn. Písítìnì méjì ló wà níbẹ̀, kékeré àti ńlá, ọ́ìlì kan náà ló sì wà lábẹ́ àwọn méjèèjì. Ká ní agbára tó tó kílò 20 ni ìyá náà fi tẹ irin gbọọrọ. Nítorí pé irin náà gùn, agbára yẹn lè di ìlọ́po 15 kó tó dé orí písítìnì kékeré, ìyẹn kílò 300. Bí ojú písítìnì kékeré bá jẹ́ sẹ̀ǹtímítà onígun mẹ́rin 1.2, á jẹ́ pé kílò 250 ló ń tẹ sẹ̀ǹtímítà kọ̀ọ̀kan. Ọ́ìlì á gbé 250 náà káàkiri gbogbo ibi tó bá kàn, láìdín, láìlé. Bó bá dé abẹ́ písítìnì ńlá tí ojú rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà onígun mẹ́rin 40, ìlọ́po 40 ni 250 yóò jẹ́ níbẹ̀: kílò 10,000. Tọ́ọ̀nù 10 nìyẹn, láti ọwọ́ ẹni tó lo agbára kílò 20.

Blaise Pascal, ọmọ ilẹ̀ Faransé, ló ṣàlàyé òfin yìí lọ́nà tó yanjú. Ẹni ọdún 39 ni nígbà tó kú ní 1662, ọdún tó tẹ̀ lé e ni wọ́n tẹ ìwé tó kọ lórí omi àti ìfúnpá rẹ̀ jáde. Ó ní ká wo ohun èlò kan tó kún fún omi, tó ní ẹnu méjì, tí ọ̀kan fẹ̀ ju èkejì lọ ní ìlọ́po 100. Ẹnìkan tó bá ń tẹ ẹnu kékeré á lè kojú èèyàn 100 tó ń tẹ ẹnu ńlá. Àmọ́ Pascal kò dá ọ̀rọ̀ náà dúró síbẹ̀. Ó fi kún un pé bí ẹnu kékeré bá rin ìrìn kan, ìdá kan nínú 100 ìrìn yẹn ni ẹnu ńlá yóò rìn. Apá kejì yìí ni mo fẹ́ ká dì mú, torí òun ló ń bọ́ lọ́wọ́ ọ̀pọ̀lọpọ̀.

Padà sí jáàkì wa. Bí písítìnì kékeré bá lọ sílẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà 2.5 nígbà kọ̀ọ̀kan, ọ́ìlì tó tì jáde kò ju mìlílítà 3 lọ. Abẹ́ písítìnì ńlá tó fẹ̀ tó 40 ni mìlílítà 3 yẹn ń lọ, kò sì lè gbé e sókè ju mìlímítà 0.75 lọ. Èèyàn ní láti tẹ irin náà nígbà 100 kí ẹrù tó gòkè sẹ̀ǹtímítà 7.5. Ohun tí ìyá náà jèrè ní agbára, ó san án ní ìrìn. Kò sí ẹ̀rọ kankan láyé tó bọ́ lọ́wọ́ òfin yìí, bó ti wù kó wọ́n tó.

Ó lé ní 130 ọdún lẹ́yìn ìwé Pascal kí ẹnikẹ́ni tó lè sọ ọ́ di ẹ̀rọ tó wúlò. Ní 1795, Joseph Bramah gba ìwé ẹ̀tọ́ lórí ẹ̀rọ ìtẹ̀ olómi ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Omi jíjò ni ìṣòro rẹ̀. Bí wọ́n bá fún etí písítìnì mọ́ra kí omi má baà yọ, písítìnì á há. Bí wọ́n bá tú u díẹ̀, omi á tú jáde. Henry Maudslay, tó ń bá a ṣiṣẹ́, ni wọ́n sábà ń yìn fún ojútùú rẹ̀: awọ tí wọ́n tẹ̀ bí ife, tó dojú kọ omi. Bí ìfúnpá bá ti ń pọ̀ ni omi á máa ti etí awọ náà mọ́ ara ògiri, bí ìfúnpá bá sì lọ sílẹ̀, awọ á dẹ̀. Ìfúnpá fúnra rẹ̀ ló ń dí ihò tó fẹ́ gbà sá jáde. Rọ́bà ni wọ́n ń lò báyìí, ṣùgbọ́n ọgbọ́n kan náà ló wà nínú síìlì tó wà lára jáàkì àti sílíńdà típà. Ìdí nìyẹn tí síìlì tuntun tí wọ́n fi ẹ̀yìn rẹ̀ síwájú fi ń jò ní ọjọ́ kan náà tí wọ́n fi í sí i, tí wọ́n á sì máa bú ẹni tó tà á.

Ọ̀rọ̀ ìṣàn ló kàn. Lítà láàárín ìṣẹ́jú kan ni wọ́n fi ń wọ̀n ọ́n, ohun kan ṣoṣo ló sì ń sọ fún wa: bí ẹ̀rọ yóò ṣe yára tó. Sílíńdà tí inú rẹ̀ fẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà 10 láti etí dé etí, bí lítà 47 bá ń wọ inú rẹ̀ ní ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan, nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 10 ni róòdù rẹ̀ á máa yọ jáde ní ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan. Bí a bá ti ọ́ìlì yẹn kan náà gba ojú kejì, níbi tí róòdù ti gba àyè lọ́wọ́ ọ́ìlì, tí róòdù náà sì fẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà 7, ó máa padà wọlé pẹ̀lú eré tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì ti àkọ́kọ́. Àmọ́ agbára rẹ̀ nígbà tó ń wọlé kò ní ju bí ìdajì lọ. Ẹ wo katapílà tó ń walẹ̀ dáadáa: nígbà tó bá ń fa apá rẹ̀ wọlé láti hú ilẹ̀, nígbà tó bá ń ká garawa rẹ̀, tàbí nígbà tó bá ń gbé ẹrù sókè, róòdù sílíńdà máa ń yọ jáde ni. Àwọn tó ṣe é mọ̀ọ́mọ̀ fi ibi tó lágbára jù sí ibi tí iṣẹ́ ti le jù.

Ní Lọ́ńdọ́nù, níbi tí ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá ti ń gba orí odò Thames kọjá, afárá kan wà tó fi ìyàtọ̀ àárín ìfúnpá àti ìṣàn hàn ju ìwé èyíkéyìí lọ. Tower Bridge ni, wọ́n ṣí i ní 1894. Apá méjì tó ń ṣí sókè fún ọkọ̀ ojú omi, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn wúwo ju tọ́ọ̀nù 1,000 lọ. Omi ni wọ́n fi ń gbé wọn nígbà náà, ẹ́ńjìnnì olóoru ló sì ń ti omi náà. Bí wọ́n bá ní kí ẹ́ńjìnnì tì í tààrà sínú ẹ̀rọ afárá ní ìgbà tí ọkọ̀ bá dé, ẹ́ńjìnnì náà ìbá tóbi kọjá ààlà, ìbá sì jókòó láìṣiṣẹ́ ní ọ̀pọ̀ wákàtí.

William Armstrong, ọmọ Newcastle, ti tú kókó yìí ṣáájú. Tẹ́lẹ̀, orí ilé gíga ni wọ́n ń gbé omi sí kí ó lè ní ìfúnpá. Èyí tí wọ́n parí sí èbúté Grimsby ní 1852 ṣì dúró síbẹ̀ títí di òní, ó ga ju mítà 90 lọ. Ṣùgbọ́n omi tó bá ga ní mítà 10 kò lè fún wa ju nǹkan bíi bar 1 lọ, ìyẹn bíi kílò 1 lórí sẹ̀ǹtímítà onígun mẹ́rin kan. Táńkì orí ilé wa náà kò bọ́ nínú ìṣirò yìí. Ẹni tó bá fẹ́ bar 50 ní láti gbé omi sí mítà 500 sókè, kò sì sí ẹni tó máa kọ́ irú ilé bẹ́ẹ̀ nítorí omi. Armstrong wá gbé ẹrù tó wúwo gan-an lé orí písítìnì ńlá kan tó dúró lóòró. Pọ́ǹpù kékeré á máa rọra ti omi sábẹ́ rẹ̀ jẹ́jẹ́, ẹrù á máa gòkè. Bí ọkọ̀ bá dé, wọ́n á ṣí fáàfù, ẹrù á sọ̀ kalẹ̀, omi tí wọ́n ti ń kó jọ tipẹ́ á sì ya jáde lẹ́ẹ̀kan náà. Ìwúwo ẹrù ló ń pinnu ìfúnpá, iye omi tó wà lábẹ́ rẹ̀ ló ń pinnu bí ìṣàn ṣe máa pẹ́ tó. Ohun méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni, wọ́n sì lè tún ọ̀kan ṣe láìfọwọ́ kan èkejì. Bẹ́ẹ̀ ni Tower Bridge ṣe ń ṣí títí di 1976, nígbà tí ọ́ìlì àti iná mànàmáná gba iṣẹ́ náà.

Katapílà òde òní kò ní ibi tó máa gbé irú ẹrù bẹ́ẹ̀ sí, nítorí náà ó gbọ́dọ̀ pín agbára ẹ́ńjìnnì rẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Ibí yìí ni mo ti fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀, torí ibí yìí ni èdè àìyédè ti pọ̀ jù láàárín awakọ̀ ẹ̀rọ àti mẹkáníìkì.

Bí a bá sọ iye bar di ìlọ́po iye lítà láàárín ìṣẹ́jú kan, tí a sì fi 600 pín in, ohun tí a óò rí ni agbára tó ń lọ nínú ọ́ìlì, ní kílówáàtì. Ká mú katapílà tọ́ọ̀nù 20 kan, tí pọ́ǹpù ńlá rẹ̀ méjì lè ti lítà 220 lọ́kọ̀ọ̀kan ní ìṣẹ́jú kan, tí ìfúnpá rẹ̀ sì lè dé bar 350. Bí ó bá ń lo méjèèjì dé góńgó lẹ́ẹ̀kan náà, kílówáàtì tó lé ní 250 ni yóò máa béèrè. Ẹ́ńjìnnì irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ kò ju bíi 110 lọ. Á kú ni. Kó má baà kú, àwọn tó ṣe pọ́ǹpù náà fi àwo kan sínú rẹ̀ tó lè dagun tàbí kó dúró ṣánṣán. Bó bá dagun púpọ̀, àwọn písítìnì inú pọ́ǹpù á máa rìn jìnnà, ọ́ìlì á pọ̀. Bí ìfúnpá bá gòkè, àwo náà á máa padà dúró ṣánṣán, písítìnì á máa rìn díẹ̀, ọ́ìlì á dín kù. Tí garawa bá ń lọ lófo nínú afẹ́fẹ́, ẹ̀rọ á yára. Tó bá kanlẹ̀ líle, á fà sẹ́yìn, á lọ́ra, ṣùgbọ́n á máa fi gbogbo agbára rẹ̀ tẹ̀.

Nítorí náà, bí katapílà bá lọ́ra nígbà tó ń hú òkúta, kò ṣàìsàn. Bí wọ́n ṣe ṣe é nìyẹn. Ìgbà tó bá lọ́ra nígbà tí garawa rẹ̀ ṣófo ló yẹ kí ọkàn ẹni tó ni ín kó sókè.

Ó kan rílíìfù fáàfù báyìí, ohun kékeré tí wọ́n ń fìyà jẹ jù lọ nínú gbogbo ẹ̀rọ háídírọ́líìkì. Ẹnu ọ̀nà ni, sípírìn-ìn ló ti í pa. Bí ẹrù bá pọ̀ ju ohun tí hóòsì àti irin lè gbà lọ, á ṣí, ọ́ìlì á sì gba ibẹ̀ padà sí táńkì. Kò sí nǹkan mìíràn tó wà fún. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹ̀rọ bá ń lọ́ra, ohun àkọ́kọ́ tí àwọn kan máa ń ṣe ni kí wọ́n mú sípánà, kí wọ́n fún nọ́ọ̀tì orí rẹ̀ mọ́ra, kí prẹ́ṣọ̀ lè gòkè. Ìṣàn ló dín kù, wọ́n sì ń tọ́jú ìfúnpá. A kì í fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀ ká máa pa làpálàpá. Ẹ̀rọ náà kò ní yára sí i, ṣùgbọ́n ní ọjọ́ tí ẹrù bá wúwo, hóòsì ló máa bẹ́.

Fáàfù yìí tún ní ìwà kan tó yẹ ká mọ̀. Gbogbo agbára tó bá gba ibẹ̀ kọjá láìgbé ẹrù kankan, ooru ló ń dà. Bí lítà 60 bá ń gba ibẹ̀ kọjá ní ìṣẹ́jú kan ní bar 200, kílówáàtì 20 nìyẹn, bí ìgbà tí a ri áyọ́ọ̀nù iná 20 tó ti gbóná bọ inú táńkì ọ́ìlì. Awakọ̀ tó bá ti sílíńdà dé òpin, tí kò sì yọ ọwọ́ lórí lífà, ohun tó ń ṣe fún ọ́ìlì rẹ̀ nìyẹn. Ọ́ìlì tó gbóná á ṣàn bí omi, á wá máa yọ́ gba gbogbo àlàfo tóóró inú ẹ̀rọ padà sẹ́yìn. Èyí ló ń fà á tí ẹ̀rọ kan fi máa ń ṣiṣẹ́ dáadáa láàárọ̀, tí yóò sì di aláìlera lẹ́yìn ìgbà tí oòrùn bá kan àtàrí. Kì í ṣe iṣẹ́ ọ̀tá. Inú ẹ̀rọ náà ti jẹ, ọ́ìlì tútù ló ń bo àṣírí rẹ̀.

Báwo la ṣe máa mọ̀ bóyá pọ́ǹpù ló bàjẹ́ lóòótọ́? Gééjì ìfúnpá nìkan kò tó, mo sì fẹ́ kí gbogbo ẹni tó ń ra pọ́ǹpù tòkunbọ̀ gbọ́ èyí. Pọ́ǹpù tó ti jẹ dé ìdajì ṣì lè gbé abẹ́rẹ́ gééjì dé bar 300 bí sílíńdà bá ti dé òpin, torí pé ìwọ̀nba ọ́ìlì díẹ̀ ti tó láti fún ibi tí kò ní ọ̀nà àbájáde pọ̀. Gééjì á ní ara ẹ̀rọ dá, ẹ̀rọ á sì máa wọ́ ẹsẹ̀. Òdìkejì rẹ̀ náà wà: ọ́ìlì lè pọ̀ yàà nígbà tí kò sí ẹrù, kó sì pòórá nígbà tí ẹrù bá dé. Ohun tó dájú ni kí a wọn ìṣàn nígbà tí ìfúnpá wà lórí rẹ̀. Ẹ fi mítà ìṣàn sẹ́nu pọ́ǹpù, ẹ máa ti fáàfù ara rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, kí ẹ sì wo bí lítà ṣe ń dín kù bí bar ṣe ń pọ̀ sí i. Bó bá dín kù díẹ̀, pọ́ǹpù dára. Bó bá ya lulẹ̀, ó ti jẹ.

Ẹni tí kò bá ní mítà náà ṣì ní ọ̀nà kan. Pọ́ǹpù onípísítìnì máa ń ní hóòsì kékeré kan tó ń gbé ọ́ìlì tó jò nínú ara rẹ̀ padà sí táńkì. Ẹ tú ẹnu rẹ̀ ní ọ̀dọ̀ táńkì, ẹ dí ojú ihò táńkì, ẹ darí hóòsì náà sínú garawa, kí ẹ jẹ́ kí ẹ̀rọ ṣiṣẹ́ lábẹ́ ẹrù fún ìṣẹ́jú kan, kí ẹ sì wọn ohun tó wà nínú garawa. Ìwé ẹ̀rọ ló máa ń sọ iye tó yẹ kó jẹ́. Ẹ ò gbọ́dọ̀ dí hóòsì yẹn o, síìlì ọ̀pá pọ́ǹpù ló máa bẹ́.

Kí ẹnikẹ́ni tó dá pọ́ǹpù lẹ́bi, kó wo ọ̀nà tí ọ́ìlì ń gbà wọlé. A máa ń sọ pé pọ́ǹpù ń fa ọ́ìlì. Afẹ́fẹ́ tó wà lórí ọ́ìlì inú táńkì ló ń tì í lọ bá pọ́ǹpù, agbára afẹ́fẹ́ náà kò sì ju bíi bar 1 lọ. Ohun tí kò tó nǹkan lè borí rẹ̀: fílítà tó dí, hóòsì rọ́bà tí inú rẹ̀ ti wú, ihò mímí orí táńkì tí ẹrẹ̀ ti bò. Nígbà náà ni pọ́ǹpù á bẹ̀rẹ̀ sí í dún bí ẹni pé òkúta wẹ́wẹ́ wà nínú rẹ̀, irin inú rẹ̀ á sì máa jẹ ní kọ̀rọ̀kọ̀rọ̀. Wọ́n á yọ ọ́, wọ́n á fi tuntun sí i, hóòsì tó wú náà á sì tún pa tuntun. Ìdọ̀tí náà ń pa á, torí àlàfo tó wà láàárín àwọn irin inú pọ́ǹpù kò tó ìbú irun orí. Ẹni tó ń bu ọ́ìlì láti inú kẹ́ẹ̀gì tí kò ní ìdérí ń bu iyanrìn pẹ̀lú rẹ̀.

Mo bẹ ẹ̀yin tí ẹ ni ẹ̀rọ àti ẹ̀yin ọ̀gá mẹkáníìkì. Ẹ da owó pọ̀ nínú ẹgbẹ́ yín kí ẹ ra mítà ìṣàn kan àti gééjì tó dára, kí ẹ máa yá ara yín lò. Owó pọ́ǹpù tí ẹ kò ní rà mọ́ ló máa san án padà. Ẹ má ṣe jẹ́ kí ọmọ iṣẹ́ kankan wọ abẹ́ típà tó gbé ara sókè láìjẹ́ pé irin ìdúró tó le wà lábẹ́ rẹ̀, torí ọ́ìlì nìkan ló gbé e dúró, hóòsì kan ṣoṣo sì lè já. Pípa ẹ́ńjìnnì kò tíì pa ìfúnpá. Ìwọ̀n ìgbà tí ẹrù bá ṣì wà lókè, ìfúnpá ṣì wà nínú páìpù. Ẹ sọ ẹrù kalẹ̀ kí ẹ tó tú nọ́ọ̀tì.

Ẹ má sì fi ọwọ́ wá ibi tí hóòsì ti ń jò. Páálí tàbí igi ni kí ẹ fi wá a. Ọ́ìlì tó ń gba ihò bí ojú abẹ́rẹ́ jáde ní bar 200 máa ń gún awọ ara wọlé, ojú ọgbẹ́ rẹ̀ kì í sì ju àmì kékeré lọ ní wákàtí àkọ́kọ́, ìrora rẹ̀ sì lè má pọ̀. Inú ló ti ń ba ẹran ara jẹ́, iṣẹ́ abẹ kíákíá ni wọ́n sì fi ń gba ọwọ́ náà là. Bó bá ṣẹlẹ̀ sí ẹnikẹ́ni lọ́dọ̀ yín, ẹ má fi òrí pa á, ẹ má ní kó sùn mọ́jú. Ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ní wákàtí yẹn gan-an, kí ẹ sì sọ fún dókítà pé ọ́ìlì ẹ̀rọ tó wà lábẹ́ ìfúnpá ló wọ̀ ọ́ lára.